Ẹni Tó Fi Ọ̀rọ̀ Sí Òṣèré Lẹ́nu

Ẹ dárúkọ Lápìtẹ́ láàárín ọjà Móníyà, ẹ ó rí i pé ẹ̀rín ni wọn yóò kọ́kọ́ fi dá yín lóhùn. Ta ni kò mọ ọba Jogbo inú fíìmù Ṣaworoidẹ, tó gorí oyè tó ní kí wọ́n má sín òun ní gbẹ́rẹ́? Wọ́n mọ̀ pé Kọ́lá Oyèwọ̀ ló ṣe é. Wọ́n mọ Bàbá Ọ̀pálábà, wọ́n sì mọ̀ pé olóògbé Adébáyọ̀ Fálétí ni. Túndé Kèlání tó darí eré náà, TK ni wọ́n ń pè é, àfi bí ẹni pé ọmọ àdúgbò wọn ni. Ẹ wá bi wọ́n léèrè ẹni tó kọ ọ̀rọ̀ tó ń jáde lẹ́nu Ọ̀pálábà, ẹni tó jókòó ti ìwé kí ẹnikẹ́ni tó gbé kámẹ́rà, tó pinnu ibi tí ìlù yóò ti dún àti ẹni tí orí yóò máa fọ́. Ibẹ̀ ni ẹnu á ti wọhò. Bó ṣe ń rí fún òǹkọ̀wé eré káàkiri ayé nìyẹn: ìgbà tí òǹwòran ṣì ń wá ibi tí yóò jókòó sí ni orúkọ rẹ̀ ń kọjá lójú sinimá.

Akínwùmí Ìṣọ̀lá ni ẹni náà. Ọjọ́ 24 oṣù Kejìlá ọdún 1939 ni wọ́n bí i, ó sì jáde láyé ní Sátidé ọjọ́ 17 oṣù Kejì ọdún 2018, lẹ́ni ọdún méjìdínlọ́gọ́rin. Àwọn tó kàwé mọ̀ ọ́n sí ọ̀jọ̀gbọ́n ní Ifẹ̀. Àwọn ọmọ sẹ́kọ́ńdírì mọ̀ ọ́n sí ẹni tí wọ́n ń ka ìwé rẹ̀ kí wọ́n tó wọ gbọ̀ngàn ìdánwò. Àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ ń pè é ní Honest Man. Àmọ́ iṣẹ́ tó gbé e dé iwájú ẹni tí kò mọ̀wé kà rárá, iṣẹ́ eré sinimá ni, ó sì ti lé ní ọmọ àádọ́ta ọdún kó tó bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ ní pẹrẹu. Ọ̀rọ̀ tí mo ní sọ nípa rẹ̀ kò gùn: òun ló mú ìwé wọ inú iṣẹ́ tí àwọn onítíátà wa ti ń fi ẹnu lásán ṣe, ibi tó sì ti rí ohun tó kọ sínú ìwé náà, ẹnu ará oko ni.

Ẹni tí kì í bá ṣe ará Ìbàdàn lè má mọ ohun tí oko jẹ́ fún wa. Ìlú wà, oko wà, ènìyàn kan náà ló ni méjèèjì. Agboolé rẹ̀ lè wà ní Bẹẹrẹ tàbí Ọjà'ba, síbẹ̀ abúlé tí baba ńlá rẹ̀ tẹ̀dó ló ń bọ́ ọ, ibẹ̀ ló ti ń lo èyí tó pọ̀ jù nínú ọdún. Iléyá, Kérésì, ìgbéyàwó àti òkú àgbà ni wọ́n ń wọ̀lú fún. Láti Móníyà ní Akínyẹlé dé Ìyànà Ọ̀fà ní Lágelú, láti Ẹgbẹ́dá dé Àkànràn ní Ọ̀nà-Àrà, ẹ ó rí i pé orúkọ ènìyàn ni ọ̀pọ̀ abúlé ń jẹ́: orúkọ ológun tàbí ọlọ́rọ̀ tó kọ́kọ́ kó ẹrú lọ ṣán igbó ibẹ̀ ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún. Ogun parí, kòkó dé, oko ẹrú di oko kòkó. Ọmọ ẹrú àti ọmọ olówó ẹrú ń fọ́ kòkó lójú kan náà, àwọn Àgàtú alágbàṣe ń dé láti ọ̀nà jíjìn, ọ̀rọ̀ sì pọ̀ nílẹ̀ ju ẹni tó lè sọ ọ́ tán lọ.

Lábọ̀dé jẹ́ ọ̀kan nínú irú abúlé bẹ́ẹ̀, ilé ẹ̀kọ́ Mẹ́tọ́díìsì tó wà níbẹ̀ ni Ìṣọ̀lá ti bẹ̀rẹ̀ ìwé. Ní abúlé kòkó láyé ìgbà náà, ọ̀rọ̀ ni eré ìdárayá. Níbi tí wọ́n bá ti ń fọ́ kòkó, ọwọ́ ń ṣiṣẹ́, ẹnu náà ń ṣiṣẹ́. Ìyálé á sọ̀rọ̀ sí ewúrẹ́, ìyàwó á mọ̀ pé òun ni wọ́n ń bá wí. Àgbàlagbà á pa òwe kan sí àárín, kò ní wo ojú ẹnikẹ́ni, ẹni tí òwe náà dé bá á sì bẹ̀rẹ̀ sí í wá ohun tó gbàgbé sínú ilé. Ẹni tí kò bá mọ bí a ti ń fi ọ̀rọ̀ ránṣẹ́ sí ẹni tó jókòó tì í láì dárúkọ rẹ̀, wọ́n á ní kò tíì dàgbà. Ìṣọ̀lá gbé irú ìgbà èwe bẹ́ẹ̀ sínú Ogún Ọmọdé, ìwé tó jáde ní 1990. Bí ẹ bá kà á, ẹ ó rí i pé kì í fi àkókò ṣòfò lórí bí igbó ṣe tutù tàbí bí oòrùn ṣe wọ̀. Ohun tí ẹnì kan sọ àti bí ẹnì kejì ṣe fèsì ni ìtàn náà fi ń rìn. Òǹkọ̀wé eré ló ti ń kọ̀wé ìtàn láti ọjọ́ yìí.

Láti Lábọ̀dé, ó lọ sí Wesley College ní Ẹlẹ́kùrọ́, ilé ẹ̀kọ́ olùkọ́ni tí ìjọ Mẹ́tọ́díìsì dá sílẹ̀ ní 1905, tí Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ náà ti kọjá níbẹ̀. Orin ilé ẹ̀kọ́ náà, Ìṣọ̀lá ló kọ ọ́ fún wọn ní 1986. Ó tẹ̀síwájú dé Yunifásítì Ìbàdàn, èdè Faransé ló sì lọ kọ́ níbẹ̀. Èyí máa ń ya ènìyàn lẹ́nu, kò sì yẹ kó yà wá lẹ́nu, torí láyé ìgbà náà ìwọ̀nba ni àyè tí ọmọ Yorùbá ní láti fi èdè bàbá rẹ̀ gba oyè ní yunifásítì. Ìgbà tó yá ló lọ sí Yunifásítì Èkó fún oyè ẹlẹ́ẹ̀kejì nínú lítíréṣọ̀ Yorùbá. Ṣàngó pípè ló ṣiṣẹ́ lé lórí, ó parí rẹ̀ ní 1973. Ní 1978 ó gba oyè ọ̀mọ̀wé ní Ìbàdàn lórí ọgbọ́n tí àwọn òǹkọ̀wé ìtàn àròsọ Yorùbá ń dá. Ifẹ̀ ló ti ṣe olùkọ́, ibẹ̀ ló sì ti di ọ̀jọ̀gbọ́n ní 1991.

Ṣùgbọ́n eré ti wà lára rẹ̀ kí gbogbo oyè wọ̀nyí tó dé. Láàárín 1961 sí 1962, nígbà tó ṣì jẹ́ akẹ́kọ̀ọ́, ló kọ Ẹfúnṣetán Aníwúrà, tí wọ́n tẹ̀ jáde ní 1970. Eré yìí ló sọ ọ́ di olókìkí, òun náà sì ni mo ní ẹjọ́ díẹ̀ bá a rò lórí rẹ̀.

Ẹfúnṣetán ni Ìyálóde kejì tí Ìbàdàn jẹ. Ẹ̀gbá Òkè-Ọnà ni bàbá rẹ̀. Ó lówó tó bẹ́ẹ̀ tí àwọn olórí ogun ń gba ohun ìjà àwìn lọ́wọ́ rẹ̀. Àwọn oko ńláńlá tó ní lẹ́yìn odi ìlú, ẹrú ló ń ro wọ́n, ọgọ́rọ̀ọ̀rún ẹrú. Ọmọbìnrin kan ṣoṣo tó bí, ojú ìkúnlẹ̀ ló kú sí ní 1860. Ní 1874, Ààrẹ Látòósà tó jẹ́ olórí Ìbàdàn nígbà náà rọ̀ ọ́ lóyè, wọ́n fi oríṣiríṣi ẹ̀sùn kàn án, láàárín ọdún yẹn náà ni àwọn ẹrú rẹ̀ pa á mọ́jú, lẹ́yìn tí wọ́n ti fi ọ̀rọ̀ sí wọn létí.

Ìyẹn ni ìtàn. Nínú eré Ìṣọ̀lá, ìkà ògbóǹtarìgì ni Ẹfúnṣetán. Òfin rẹ̀ ni pé ẹrúbìnrin kan kò gbọdọ̀ lóyún, ẹrúkùnrin kan kò gbọdọ̀ fún ènìyàn lóyún. Adétutù ẹrú rẹ̀ lóyún, ó sì fi orí rẹ̀ dí i. Látòósà àti àwọn ìjòyè wá gbógun tì í, wọ́n mú un, ó gbé májèlé jẹ. Ẹni tó bá wo eré náà, kò ní sunkún obìnrin yìí rárá. Èmi rò pé ó le mọ́ ọn jù. Ìbàdàn ọ̀rúndún kọkàndínlógún kún fún ọkùnrin tí ẹrú wọn pọ̀ bí tirẹ̀, tí wọ́n ń bẹ́ orí ẹlòmíràn bí ẹni ń kórè, kò sì sí èyí tí a sọ di ẹ̀rùjẹ̀jẹ̀ orí ìtàgé nínú wọn. Látòósà tí eré náà gbé wọlé bí olùgbàlà, òun ló kó Ìbàdàn wọ ogun Kírìjì ní 1877, ibùdó ogun ló sì kú sí ní 1885. Ọ̀jọ̀gbọ́n Bọ́láńlé Awẹ́ tó jẹ́ onímọ̀ ìtàn kọ nípa Ẹfúnṣetán nínú ìwé kan lórí àwọn obìnrin Nàìjíríà tó jáde ní 1992, oníṣòwò àti olóṣèlú ńlá ló fi hàn níbẹ̀. Ère obìnrin náà wà ní Challenge ní ìgboro Ìbàdàn lónìí. Síbẹ̀, bí obìnrin kan bá ń fìyà jẹ ọmọ ọ̀dọ̀ rẹ̀, "Ẹfúnṣetán" ni àwọn ará àdúgbò ń pè é lẹ́yìn. Eré ti borí ìtàn, èyí sì jẹ́ ẹ̀rí agbára Ìṣọ̀lá, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò dùn mọ́ mi.

Ibi tí eré náà ti dára jù ni ibi tí àwọn ẹrú bá ti wà láwọn nìkan. Wọ́n ń kùn, wọ́n ń fi olówó wọn ṣẹ̀fẹ̀, ẹni tó ń bẹ̀rù ń kìlọ̀ fún ẹni tó láyà. Ọ̀rọ̀ wọn kò yàtọ̀ sí ti alágbàṣe tí olóko kò tíì sanwó fún. Ẹni tó ti gbé abúlé rí ló lè kọ ọ́ báyẹn.

Ìṣọ̀lá Ògúnṣọlá, tí gbogbo ayé mọ̀ sí I Show Pepper, ló gbé eré náà kiri pẹ̀lú ẹgbẹ́ rẹ̀. Ìyàwó rẹ̀, Ìyábọ̀ Ògúnṣọlá, ló ṣe Ẹfúnṣetán, orúkọ náà sì lẹ̀ mọ́ ọn títí dòní. Ní 1981, Bánkọ́lé Bello darí rẹ̀ fún sinimá. Àmọ́ kí a tó dé orí fíìmù, ó yẹ kí a mọ bí àwọn onítíátà ṣe ń ṣiṣẹ́ nígbà náà, torí òun ló jẹ́ kí ohun tí Ìṣọ̀lá ṣe lẹ́yìn wá yé ènìyàn.

Ẹgbẹ́ alárìnkiri kì í sábà ní ìwé eré. Ọ̀gá á pe àwọn òṣèré jọ, á sọ ìtàn fún wọn láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, á pín ipa fún oníkálukú: ìwọ ni ọba, ìwọ ni ìyàwó kékeré, ìwọ lo máa wá gba gbèsè. Ohun tí wọn yóò sọ gan-an, ẹnu wọn ni wọn yóò ti mú un jáde lórí ìtàgé. Bí àwọn ènìyàn bá rẹ́rìn-ín, ọ̀rọ̀ náà á dúró. Bí wọn kò bá rẹ́rìn-ín, wọ́n á pààrọ̀ rẹ̀ ní ìlú kejì. Karin Barber, ọmọ Gẹ̀ẹ́sì tó ṣiṣẹ́ ní ẹ̀ka kan náà pẹ̀lú Ìṣọ̀lá ní Ifẹ̀, bá ẹgbẹ́ Oyin Adéjọbí ṣeré káàkiri, ó sì kọ ìwé ńlá lórí bí eré ṣe ń dàgbà lẹ́nu wọn láti ìlú dé ìlú. Ọgbọ́n gidi ni. Ìgbà kòkó ni wọ́n ń wá sí abúlé wa, nígbà tí owó bá wà lọ́wọ́: jẹnẹrétọ̀ á dé, wọ́n á so gílóòbù mọ́ gbọ̀ngàn ilé ẹ̀kọ́, ẹni tó ti gbọ́ ìlù wọn láti òpópónà á máa wá gbé àga ilé rẹ̀ jáde. Lẹ́yìn Àjàní Ògùn ní 1976 àti Aiyé ti Hubert Ògúndé ní 1979, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í gbé fíìmù wá, wọ́n á ta aṣọ funfun sí ara ògiri. Àwọn àgbàlagbà tó ti mọ mọ́tò májígí ìjọba láyé òyìnbó kò ka ìyẹn sí tuntun.

Iṣẹ́ àfẹnuṣe yìí ní àléébù kan ṣoṣo tó ṣe pàtàkì. Ẹni tó ń ṣeré lójú ènìyàn lè tún ọ̀rọ̀ rẹ̀ ṣe lọ́la. Kámẹ́rà kò mọ ọ̀la. Ohun tí òṣèré bá sọ lọ́jọ́ náà ni yóò máa wà títí, bó jẹ́ ọ̀rọ̀ àsọtúnsọ ni, bó jẹ́ òwe tó ya lẹ́nu ni. Nígbà tí owó náírà wó lulẹ̀ lẹ́yìn 1986 tí fíìmù gidi kò ṣeé rà mọ́, gbogbo wọn kó sídìí fídíò. Eré bẹ̀rẹ̀ sí í jáde lọ́tùn-ún lósì, àsọtúnsọ náà sì pọ̀ bí omi.

Inú ìgbà yẹn ni Túndé Kèlání dé. Ó ti ṣiṣẹ́ ní tẹlifíṣọ̀n ní Ìbàdàn, WNTV tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1959, ó ti ya fíìmù fún àwọn àgbà onítíátà, ó sì ti kọ́ iṣẹ́ náà ní Lọ́ńdọ̀nù. Ní 1991 ó dá Mainframe sílẹ̀, Opómúléró ni orúkọ oríkì rẹ̀. Ohun tó yà á sọ́tọ̀ láàárín ẹgbẹ́ rẹ̀ ni pé ó ń ka ìwé Yorùbá, ó sì ń wá àwọn tó kọ wọ́n lọ sílé. Ó lọ bá Fálétí, ó lọ bá Ìṣọ̀lá. Bí eré bá wà nínú ìwé, ìwé ni òṣèré yóò kọ́ sórí kó tó dé iwájú kámẹ́rà.

Wọ́n fi Kòṣeégbé bẹ̀rẹ̀ ní 1995, eré orí ìtàgé tí Ìṣọ̀lá ti tẹ̀ jáde ní 1981: ọ̀gá kọ́sítọ́ọ̀mù tuntun kan tó fẹ́ ṣòótọ́ láàárín àwọn tí kò fẹ́ bẹ́ẹ̀. Ó dára, àmọ́ ìtàgé ṣì ń hàn lára rẹ̀, àwọn ènìyàn ń dúró sọ̀rọ̀ ju bí wọ́n ti ń rìn lọ. Ní 1997, Ó Le Kú tẹ̀lé e, láti inú ìwé ìtàn tó jáde ní 1974. Àjàní, akẹ́kọ̀ọ́ Yunifásítì Ìbàdàn, ń wá ìyàwó, ọmọbìnrin mẹ́ta sì há a mọ́ àárín: Àṣàkẹ́, Lọlá, Ṣadé. Yẹmí Ṣódìmú ló ṣe Àjàní. Ohun tí ẹnikẹ́ni kò retí ni pé aṣọ inú fíìmù náà yóò jáde kúrò nínú rẹ̀. Ìró kékeré tó mọ lórúnkún àti bùbá tí apá rẹ̀ fẹ̀, èyí tí àwọn ìyá wa wọ̀ nígbà ọmọge, padà dé ojú agbo. Àwọn télọ̀ sọ ọ́ ní "Òlekú", wọ́n sì ń rán an títí di òní olónìí. Mélòó nínú àwọn tó ń wọ̀ ọ́ lọ síbi ìgbéyàwó ló mọ̀ pé orúkọ ìwé ọ̀jọ̀gbọ́n kan ni àwọn wọ̀ sọ́rùn?

Ṣaworoidẹ ti 1999 ni ọ̀gá gbogbo wọn. Kì í ṣe ìwé tó ti wà tẹ́lẹ̀ ni wọ́n sọ di fíìmù níbí. Fún sinimá ni Ìṣọ̀lá kọ ọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀, ẹ sì lè rí ìyàtọ̀ náà ní ìṣẹ́jú àkọ́kọ́.

Ẹ jẹ́ kí a wo bó ṣe so ó. Ṣaworo ni àwọn agogo idẹ wẹ́wẹ́ tí wọ́n ń tò yí ojú ìyáàlù ká, tó máa ń dún wọnwọn bí onílù bá ti ń lù ú. Àwọn ará Jogbo àti onílù wọn ti mulẹ̀ láti ìgbà ìwáṣẹ̀. Ọba tó bá fẹ́ jẹ, wọ́n á sín in ní gbẹ́rẹ́, gbẹ́rẹ́ yìí ló so òun àti adé àti ìlù pọ̀. Ẹni tó bá dé adé láì sín gbẹ́rẹ́, lọ́jọ́ tí ṣaworoidẹ bá dún sí i, orí yóò fọ́ ọ títí yóò fi kú. Lápìtẹ́ mọ èyí, ó sì kọ gbẹ́rẹ́, torí ẹni tó bá sín in kò lè fi oyè kó owó jọ, owó ló sì tìtorí rẹ̀ fẹ́ oyè. Láti ibẹ̀ lọ, onílù gbọ́dọ̀ sá, ìlù gbọ́dọ̀ sápamọ́. Àwa tí a jókòó ń wò ti mọ̀ pé ìlù kan wà níbì kan tó lè pa ọba yìí, a sì ń retí rẹ̀. Gbogbo ohun yòókù, àwọn agégẹdú tó ń kó owó fún ọba àti ìjòyè kí wọ́n lè gé igbó Jogbo tán, àwọn ọ̀dọ́ àti àgbẹ̀ tó fárígá, Lágàta ológun tí wọ́n pè wá tún ìlú ṣe tó wá gba adé fún ara rẹ̀, gbogbo wọn ló ń ṣẹlẹ̀ lábẹ́ ìlù tí a kò tíì gbọ́. Nígbà tó dún, Lágàta ló wà lórí àga. Òun náà kò sín gbẹ́rẹ́.

Sání Abacha kú ní oṣù Kẹfà ọdún 1998, ìjọba alágbádá dé ní ọjọ́ 29 oṣù Karùn-ún ọdún 1999. Kò sí òǹwòran tó nílò kí wọ́n ṣàlàyé Lágàta fún un. Àwọn ará Àkànràn àti agbègbè rẹ̀ sì ní ìrántí tiwọn tí wọ́n fi ń wo àwọn àgbẹ̀ Jogbo: ní 1968 àti 1969, abúlé kòkó wọ̀nyí ni Àgbẹ́kọ̀yà ti bẹ́ sílẹ̀ lórí owó orí, Táfá Adéoyè síwájú wọn. Àgbẹ̀ tó gbé ìbọn kì í ṣe àròsọ lójú wọn.

Bàbá Ọ̀pálábà ni mo fẹ́ràn jù. Kò ní agbára kankan nínú ìtàn náà, kì í ṣe ìjòyè, kò bá wọn dìtẹ̀. Òwe ló ń pa. Ó ń sọ̀rọ̀ sí afẹ́fẹ́, ọ̀rọ̀ náà sì ń balẹ̀ sórí ọba. Ìyálé tó ń bá ewúrẹ́ wí ní abúlé kòkó ni Ìṣọ̀lá wọ agbádá fún, tó gbé wá sí ààfin. Lẹ́nu Fálétí, tó jẹ́ akéwì àti òǹkọ̀wé fúnra rẹ̀, kò sí ọ̀rọ̀ kan tó ṣòfò. Ní ti ọ̀dọ́mọkùnrin tó ṣe Arẹ́sẹ̀jábàtà, Kúnlé Afọláyan ni, ọmọ Adé Love òṣèré, iṣẹ́ àkọ́kọ́ rẹ̀ nídìí fíìmù nìyẹn. Ẹ mọ ibi tó dé lónìí.

Agogo Èèwọ̀ ti 2002 bẹ̀rẹ̀ níbi tí èyí parí sí. Adébọ̀sípò, ọlọ́pàá tó ti fẹ̀yìn tì, ló jọba, Dejumo Lewis ló ṣe é. Ọba tuntun fẹ́ kí àwọn ìjòyè búra níwájú agogo pé àwọn kò ní jalè mọ́, kí ẹ sì wo ojú wọn! Campus Queen náà jáde ní 2004. Ìwé rẹ̀ ni, àmọ́ kò dé ipò àwọn méjì yìí. Ìsọ̀rọ̀ ọmọ yunifásítì ayé òde òní kò rọ̀ mọ́ ọn lọ́wọ́ bí ti ìjòyè àti àgbẹ̀.

Wọ́n ti ń sọ ọ́ pé ọ̀rọ̀ pọ̀ jù nínú eré rẹ̀. Òótọ́ wà níbẹ̀. Àwọn ibì kan wà tí ènìyàn mẹ́ta ń pa òwe fún ara wọn léraléra tí ìtàn sì dúró dè wọ́n. Àmọ́ mo ti jókòó pẹ̀lú àwọn àgbàlagbà tó ń wo Ṣaworoidẹ, ibi tí ọ̀mọ̀wé sinimá yóò ti fẹ́ gé e kúrú ni wọ́n ti ń ní kí ọmọ dá a padà sẹ́yìn kí àwọn tún un gbọ́.

Ní ilẹ̀ Yúróòpù, ọmọ Húngárì kan wà tó ṣe irú iṣẹ́ yìí tí ìrìn-àjò rẹ̀ yàtọ̀ pátápátá. Emeric Pressburger, tí wọ́n bí ní Miskolc ní 1902, ń kọ eré ní Jámánì kí Hitler tó lé e dé Paris, láti Paris ó kọjá sí Lọ́ńdọ̀nù ní 1935. Èdè Gẹ̀ẹ́sì tó ṣẹ̀ṣẹ̀ kọ́ nígbà àgbà ló fi kọ eré tó gba Oscar ní 1943, 49th Parallel. Òun àti Michael Powell ń ṣiṣẹ́ pọ̀ bí Ìṣọ̀lá àti Kèlání, àmọ́ wọ́n ṣe ohun kan tí ẹnikẹ́ni kò ṣe níbí: orúkọ àwọn méjèèjì ni wọ́n jọ ń kọ sábẹ́ "òǹkọ̀wé, olùgbéjáde, olùdarí" láì ya ọ̀kan sọ́tọ̀. Pressburger pàdánù èdè abínibí, ó fi tẹni ẹlẹ́ni gbayì. Ìṣọ̀lá gba oyè nínú èdè Faransé, ó lè fi Gẹ̀ẹ́sì kọ eré, ó sì kọ Madam Tinubu pẹ̀lú rẹ̀. Ó wá padà sídìí Yorùbá torí pé ó wù ú. Nígbà tó túmọ̀ eré Wọlé Ṣóyínká sí Ikú Olókùn Ẹṣin ní 1994, ó dà bí ẹni pé Yorùbá ni wọ́n ti kọ́kọ́ kọ ọ́. Ó tún túmọ̀ Aké, ìwé Ṣóyínká mìíràn, ní 2001.

Bí a bá ń sọ̀rọ̀ ọmọ abúlé Ìbàdàn tó dé ojú sinimá, a kò lè fo Adéyípo ní Lágelú. Ibẹ̀ ni wọ́n bí Báyọ̀ Adébọ̀wálé sí ní 1944. Gẹ̀ẹ́sì ló fi kọ The Virgin tó jáde ní 1985, ìtàn ọmọbìnrin tí wọn kò bá nílé àti abúlé méjì tí ogun fẹ́ dé sáàárín wọn nítorí aṣọ funfun. Kèlání sọ ọ́ di The Narrow Path ní 2006. Ohun tí Adébọ̀wálé sì fi owó àti àkókò rẹ̀ ṣe lẹ́yìn náà ni pé ó kọ́ ilé ìkàwé sí abúlé rẹ̀ yẹn gan-an, ó kó ìwé lórí ilẹ̀ adúláwọ̀ kún inú rẹ̀, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ yunifásítì sì ń ti ìgboro wọ oko lọ kàwé níbẹ̀.

Fálétí kú ní oṣù Keje ọdún 2017. Kò pé oṣù méje tí Ìṣọ̀lá fi tẹ̀lé e. Kèlání ṣì ń ya eré, Ayinla jáde ní 2021. Àwọn tó ń ya eré ní abúlé Ìbàdàn lónìí pọ̀ gan-an. Kò sí oṣù tí bọ́ọ̀sì wọn kì í wọ ọ̀nà Ìyànà Ọ̀fà tàbí Àkànràn, tí wọ́n ń wá ilé alámọ̀ tó ṣì dúró àti bàbá arúgbó tí yóò yá wọn ní fìlà. Ìwé eré ti wà lọ́wọ́ wọn, orí fóònù ni wọ́n ti ń kà á, Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n sì fi kọ ọ̀pọ̀ rẹ̀, kí òṣèré máa yí i sí Yorùbá bó bá ṣe bọ́ sí i lẹ́nu. Onílé tí wọ́n yá ilé rẹ̀ lò á jókòó sí ẹ̀gbẹ́ kan, á máa gbọ́ bí ọkùnrin tó wọ fìlà òun ṣe ń bá ìyàwó rẹ̀ jà, á sì máa mi orí. Bí ẹ bá bi olówó eré ìdí tí kò fi wá ẹni tó lè fi Yorùbá kọ ọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀, yóò ní owó kò tó. Owó bọ́ọ̀sì, owó oúnjẹ, owó jẹnẹrétọ̀ ló kọ́kọ́ ń yọ sílẹ̀. Ti òǹkọ̀wé ló ń kẹ́yìn, nígbà mìíràn ẹ̀wẹ̀, kì í sí nínú ìṣirò rárá.